Josephine Baker: Ọ̀rọ̀ rẹ̀ ju yẹ̀rì ọ̀gẹ̀dẹ̀ lọ

Bí a bá dárúkọ Josephine Baker, yẹ̀rì ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó fi jó ní Paris ní ọdún 1926 ni ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń rántí. Ó yẹ kí ẹ̀yin òǹkàwé wa mọ ìyókù.

Ìlú St. Louis ní Amẹ́ríkà ni wọ́n bí i sí ní ọdún 1906. Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni nígbà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ nílé àwọn aláwọ̀ funfun. Ní 1925, ó wọkọ̀ ojú omi lọ sí ilẹ̀ Faransé. Faransé ló ń ṣàkóso Dahomey wa nígbà náà, ohun tí àwọn ará Paris sì lérò pé Áfíríkà jẹ́ ni wọ́n ní kí ọmọ Amẹ́ríkà yìí máa jó fún wọn wò.

Ó di olú òṣèré nínú fíìmù. Nínú Zouzou, tó jáde ní 1934, ó di gbajúmọ̀ olórin, síbẹ̀ ọ̀rẹ́ rẹ̀ aláwọ̀ funfun ni ọkùnrin tó fẹ́ràn yàn.

Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ó ṣe amí fún Faransé. Tádàwà tí ojú kò lè rí ni wọ́n fi kọ àṣírí sórí ìwé orin rẹ̀, ó sì gbé e dé Portugal. Ní Amẹ́ríkà ní 1951, ó kọ̀ láti ṣeré níbi tí wọn kò bá ti gba èèyàn dúdú wọlé.

Ó gba ọmọ méjìlá tọ́ láti oríṣiríṣi orílẹ̀-èdè, ọ̀kan nínú wọn láti Côte d'Ivoire. Gbèsè wọ̀ ọ́ lọ́rùn, wọ́n sì lé e kúrò nínú ilé ńlá rẹ̀ ní Milandes ní 1969. Grace, aya ọba Monaco, tóun náà ti ṣe fíìmù rí, ló ràn án lọ́wọ́ láti rí ilé mìíràn.

Ní ọjọ́ 8 oṣù kẹrin ọdún 1975, ó gun orí ìtàgé Bobino ní Paris, nínú eré tó sọ ìtàn àádọ́ta ọdún iṣẹ́ rẹ̀. Ọjọ́ kẹrin lẹ́yìn náà ló kú, lẹ́ni ọdún 68.

Ní 2021, Faransé fún un ní àyè nínú Panthéon, obìnrin dúdú àkọ́kọ́ tó débẹ̀. Monaco ni òkú rẹ̀ ṣì wà. Erùpẹ̀ ibi mẹ́rin tó ti gbé ni wọ́n kó sínú pósí tí wọ́n gbé wọlé. Erùpẹ̀ Milandes, níbi tí wọ́n ti lé e jáde, wà nínú rẹ̀.