D.O. Fágúnwà: Olùkọ́ Ọmọdé tí ó fi Ìtàn Kọ́ni ní Ìwà

Bí a bá tú orúkọ Fágúnwà palẹ̀, ohun tí a ó bá nínú rẹ̀ ni pé Ifá gún ìwà. Ìdílé onífá ni irú orúkọ bẹ́ẹ̀ ti ń wá, ó sì dà bí ẹni pé orúkọ náà ti mọ iṣẹ́ tí ẹni tí yóò jẹ́ ẹ yóò fi ayé rẹ̀ ṣe. Púpọ̀ nínú iṣẹ́ ìwádìí tí àwọn onímọ̀ ti ṣe lórí Daniel Ọlọ́runfẹ́mi Fágúnwà ni ó wò ó gẹ́gẹ́ bí òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ: ọnà èdè rẹ̀, ìfìwàwẹ̀dá rẹ̀, àwọn iwin àti ẹbọra inú igbó rẹ̀. A kò ní tún gbogbo ìyẹn sọ níhìn-ín. Ohun tí ó jẹ wá lógún ni Fágúnwà olùkọ́ ọmọdé, ẹni tí ó ti ń kọ́ àwọn ọmọ kéékèèké ní ìwé kí ìwé tirẹ̀ tó jáde. Èrò wa ni pé ibẹ̀ ni a ti lè rí ìdí tí àwọn ìwé náà fi rí bí wọ́n ti rí. Ọ̀rọ̀ náà sì kan ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ wa tí ẹ ń lọ fún ìdánrawò iṣẹ́ olùkọ́ ní Pápá Àjàó àti ní àwọn àdúgbò Múṣin yòókù, tí a ń fi ìwé kíkà lé lọ́wọ́, tí a sì ń retí pé kí ẹ fi tọ́ ọmọ.

Ọdún 1903 ni a bí i ní Òkè-Igbó, ní apá ibi tí a ń pè ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó lónìí. Joshua Akíntúndé ni orúkọ bàbá rẹ̀, Rachel Òṣunyọmí sì ni ìyá rẹ̀. Ẹ wo orúkọ ìyá yìí dáadáa: orúkọ inú Bíbélì ni ó ṣáájú, Ọ̀ṣun sì wà lẹ́yìn rẹ̀. Àwọn òbí méjèèjì fi ẹ̀sìn àbáláyé sílẹ̀, wọ́n di onígbàgbọ́. Fágúnwà fúnra rẹ̀ ń jẹ́ Oròwọlé kí ó tó di Ọlọ́runfẹ́mi. Ọmọ tí ó dàgbà ní irú ilé báyìí kò lè ṣàì ní etí méjì, ọ̀kan fún àlọ́ àti ìtàn àwọn baba ńlá, èkejì fún ìwàásù orí àga. Ẹni tí ó bá ti ka ìwé rẹ̀ kan rí mọ̀ pé kò fi ọ̀kankan nínú méjèèjì sílẹ̀ títí ó fi kú.

Ó tó ọmọ ọdún mẹ́tàlá kí ó tó wọ ilé ẹ̀kọ́ St. Luke's ní Òkè-Igbó ní 1916. Lẹ́yìn tí ó parí, ó ṣe olùkọ́ díẹ̀ níbẹ̀, ó sì wọ St. Andrew's College, Ọ̀yọ́, ní 1926. Ó jáde ní 1929. Láti 1930 títí di 1939, ilé ẹ̀kọ́ tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì náà ti ń ṣe ìdánrawò ni ó ti ń ṣiṣẹ́, àwọn ọmọ tí ó kéré jù lọ ni a sì fi sí abẹ́ àkóso rẹ̀. Kí a má ṣe fi ojú fo ọ̀rọ̀ yìí. Odindi ọdún mẹ́wàá ni ọkùnrin yìí fi dúró níwájú àwọn ọmọ tí wọn kò lè jókòó jẹ́ẹ́ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ọdún wọ̀nyẹn náà ni ó kọ ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́. Ní 1936, ẹ̀ka ètò ẹ̀kọ́ ìjọba amúnisìn pe ìdíje ìwé kíkọ. Fágúnwà kópa níbẹ̀. Ilé ìtàwé C.M.S. ní Èkó sì tẹ iṣẹ́ rẹ̀ jáde ní 1938 pẹ̀lú orúkọ Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a fi ojú olùkọ́ wo ìwé náà. Àgbàlagbà kan, Àkàrà-ògùn, ni ó wá bá akọ̀wé nílé, tí ó ní kí ó gbé gègé kí ó máa kọ ìtàn ìgbésí ayé òun sílẹ̀. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́, àwọn méjèèjì nìkan ni. Nígbà tí ó di ọjọ́ kejì, ìròyìn ti tàn, èrò ti pé jọ láti gbọ́ ìtàn náà. Ní ọjọ́ tí ó tẹ̀lé e, èrò tún pọ̀ sí i. Fágúnwà ti fi kíláàsì sínú ìwé rẹ̀, kíláàsì tí a kò fi pàṣán kó jọ. Ìtàn ni ó kó wọn jọ.

Nínú ìtàn náà, ọdẹ wọ igbó, ó bá iwin jà, ẹ̀rù bà á, ó sá, ó tún padà. Ọba wá rán òun àti àwọn akọni ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ sí Òkè Làǹgbòdó. Ohun tí ojú wọn rí lọ́nà kò kéré. Ìgbà tí ìwé ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí tán, tí ọmọdé tí ń kà á ti gbàgbé oorun, ni wọ́n tó dé ọ̀dọ̀ Ìrágbèje, onílé ojú méje. Ọjọ́ méje gbáko ni ó fi ń gbà wọ́n ní ìmọ̀ràn, bí a ṣe ń tọ́ ọmọ sì wà lára ohun tí ó fi kọ́ wọn. Àní ìmọ̀ràn yìí pàápàá, inú ìtàn kéékèèké ni ó ń fi sí. Àwọn ọkùnrin tí wọ́n ti bá ẹranko àti ẹbọra jà wá ká ẹsẹ̀ kò bí ọmọ ilé ìwé níwájú arúgbó kan. Ọmọ tí ń ka ìwé náà rí i pé alágbára kò kọjá ẹni tí à ń kọ́.

Àwọn onímọ̀ kan ka ìwàásù inú àwọn ìwé Fágúnwà sí àbùkù. Wọ́n ní ó máa ń dá ìtàn dúró láti bá òǹkàwé wí. Ayọ̀ Bámgbóṣé, tí ó kọ odindi ìwé lórí àwọn ìtàn àròsọ náà ní 1974, yẹ ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ ìwà yìí wò fínnífínní. Ní tiwa, àbùkù wà níbẹ̀ lóòótọ́ ní ibòmíràn. Nínú Ìrìnkèrindò nínú Igbó Elégbèje, tí ó jáde ní 1954, ẹ̀kọ́ tí Ìrònú ń kọ́ àwọn àlejò rẹ̀ ní orí òkè gùn ju bí ó ti yẹ lọ, ọmọdé yóò sì fò ó. Ṣùgbọ́n ní ti Ìrágbèje, ẹni tí ó bá ti kọ́ ọmọdé rí kò ní pè é ní àbùkù. Bí olùkọ́ bá gbé ìmọ̀ràn síwájú ìtàn, etí ọmọ á ti di kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀. Bí ẹ̀rù àti ẹ̀rín bá kọ́kọ́ ṣí i létí, ibi tí a ó gbé ọ̀rọ̀ sí ti wà nílẹ̀. Ohun tí Fágúnwà mọ̀ nìyí, kì í sì í ṣe inú ìwé ni ó ti kọ́ ọ, bí kò ṣe níwájú àwọn ọmọ Ọ̀yọ́.

Ó kúrò ní Ọ̀yọ́, ó sì kọ́ni ní ilé ẹ̀kọ́ bíi mélòó kan ní àwọn ọdún 1940. Ọ̀kan nínú wọn ni Igbobi College, tí ìjọ Áńgílíkà àti ti Mẹ́tọ́díìsì jọ dá sílẹ̀ ní 1932. Láti Pápá Àjàó, Igbóbì kò jìnnà rárá. Ẹni tí ó bá gba ọ̀nà Fádèyí yóò débẹ̀. Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ni ní agbègbè yìí, kí ẹ má ṣe máa fi Fágúnwà hàn àwọn ọmọ bí ará oko kan tí ó gbé ayé ní ìgbà láéláé. Ó ti ṣe olùkọ́ ní àdúgbò yín.

Lẹ́yìn ogun àgbáyé kejì, ó lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fún ẹ̀kọ́ sí i, ó sì kọ ìròyìn ìrìn náà sí apá méjì Ìrìnàjò, tí ó jáde ní 1949 àti 1951. Ọdún 1949 náà ni Igbó Olódùmarè àti Ìrèké Oníbùdó jáde. Ṣùgbọ́n ìwé rẹ̀ tí àwa olùkọ́ kì í sọ̀rọ̀ rẹ̀ tó ni Táíwò àti Kẹ́hìndé, ìwé kíkà fún àwọn ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tí òun àti L.J. Lewis jọ kọ. Òkìkí àwọn ìwé igbó ti bò ó mọ́lẹ̀. Ó sì yẹ kí ó yà wá lẹ́nu pé ẹni tí ó lè to ọ̀rọ̀ jọ bíi ti Fágúnwà, tí ó lè fi ìlà mẹ́wàá ṣe àpèjúwe iwin kan, jókòó láti kọ gbólóhùn kúkúrú tí ọmọ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ álífábẹ́ẹ̀tì lè kà. Ẹni tí kò bá ka ọmọdé sí kò ní fi ọwọ́ kan irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ní 1955, ó gba ẹ̀bùn Margaret Wrong fún iṣẹ́ ìwé kíkọ rẹ̀. Ọdún yẹn náà, ní oṣù Kínní, ni ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà, tí àwọn ọmọ tí ó lé ní 800,000 wà ní ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ìgbà yìí ni Fágúnwà ń ṣiṣẹ́ ní ẹ̀ka ìtẹ̀wé ilé iṣẹ́ ètò ẹ̀kọ́ ní Ìbàdàn. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ti gbàgbé pé abẹ́ ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ni Múṣin wà nígbà náà, pé kò bọ́ sí abẹ́ Ìpínlẹ̀ Èkó títí a fi dá ìpínlẹ̀ náà sílẹ̀ ní ọjọ́ 27, oṣù Karùn-ún, 1967. Èyí fi hàn pé ọmọ Pápá Àjàó wà lára àwọn ọmọ tí ìjọba Ìbàdàn ń wá ìwé fún. Ilé ẹ̀kọ́ pọ̀ lójijì, olùkọ́ kò tó, ìwé Yorùbá tí ó yẹ ọmọdé kò sì pọ̀. Àìtó yẹn ni ó jẹ́ kí iṣẹ́ Fágúnwà àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ níyì tó bẹ́ẹ̀.

Ìwé rẹ̀ tí a lè fi wé ojú ayé ọmọ Múṣin jù lọ ni Àdììtú Olódùmarè, tí ó jáde ní 1961. Ọmọ tálákà paraku ni Àdììtú. Ìṣẹ́ ilé wọn ni ó lé e wọ igbó, ó jìyà púpọ̀ kí ó tó di ènìyàn. Nínú kíláàsì tí ọmọ ti ń kiri ọjà kí ó tó wá sí ilé ìwé, tí ó tún ń padà lọ kiri lẹ́yìn rẹ̀, ìtàn yìí kò nílò àlàyé púpọ̀. Olùkọ́ tí ó bá kà á sókè fún wọn díẹ̀díẹ̀, tí ó dúró níbi tí ọ̀rọ̀ ti ń dùn, tí ó ní ó di ọ̀la, yóò rí i pé wọn kò ní pẹ́ dé lọ́jọ́ kejì. Kí ó má sì tètè béèrè ohun tí ìtàn kọ́ wọn.

Ìkìlọ̀ kan wà tí a gbọ́dọ̀ ṣe. Onígbàgbọ́ tí kò fi bò ni Fágúnwà, kò sì fi gbogbo ìgbà ṣe dáadáa sí ẹ̀sìn àwọn baba rẹ̀. Bákan náà, àwọn ẹ̀dá tí ara wọn kò pé tàbí tí wọn kò dára lójú ni ó sábà máa ń fi ṣe òǹrorò. Ní Pápá Àjàó, Mùsùlùmí, Kìrìsìtẹ́nì àti ọmọ onísẹ̀ṣe lè jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan. Ọmọ tí ó yarọ lè wà láàárín wọn. Olùkọ́ tí ó bá ń ka ìwé náà láì sọ nǹkan kan nípa èyí ń fi ìwé tí ó fẹ́ fi tún ìwà ṣe ba ìwà jẹ́. A kò ní kí ẹ fa ojú ìwé ya. Ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ jiyàn lé e lórí: ṣé ẹni burúkú ni ẹni tí ojú rẹ̀ kò dára? Ẹ ó gbọ́ ohun tí yóò yà yín lẹ́nu lẹ́nu wọn.

Ní ìgbẹ̀yìn ayé rẹ̀, Fágúnwà di aṣojú ilé iṣẹ́ atẹ̀wé Heinemann ní Nàìjíríà. Ẹnu ìrìn-àjò ni ó wà ní oṣù Kejìlá ọdún 1963, nígbà tí ó dé etí odò ní Wúyà, lẹ́bàá Bìdá, tí ó ń dúró de ọkọ̀ tí yóò gbé e kọjá. Ó kó sódò níbẹ̀, ó sì kú. Ẹni ọgọ́ta ọdún ni. Ọdún márùn-ún lẹ́yìn náà ni Wọlé Ṣóyínká túmọ̀ Ògbójú Ọdẹ sí Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà tí ó sì di 1977, eré tí Wálé Ògúnyẹmí gbé ka ìrìn-àjò Òkè Làǹgbòdó wà lára ohun tí Nàìjíríà gbé kalẹ̀ níbi àjọ̀dún FESTAC ní Èkó. Ṣùgbọ́n ní 1963 yẹn, nígbà tí ìròyìn ikú rẹ̀ kàn, ọ̀pọ̀ nínú àwọn òǹkàwé rẹ̀ kò gbà pé omi lásán ni ó pa á. Wọ́n ní àwọn iwin tí ó ti ń kọ ìtàn wọn fún àwọn ọmọ ilé ìwé láti 1938 ni wọ́n wá mú un lọ.