Ìtàn Ìgbésí-Ayé Bíṣọ́ọ̀bù James Johnson

Nígbà tí Ìjọ bá ń ṣe àjọ̀dún ọgọ́rùn-ún ọdún, kì í ṣe àwọn tí ó bá a sọ̀rọ̀ dídùn nìkan ni ó yẹ kí ó rántí, bí kò ṣe àwọn tí ó bá a wí pẹ̀lú. Nítorí náà ni a ṣe mú ìtàn Bíṣọ́ọ̀bù James Johnson wá síwájú ẹ̀yin ará wa, àti ẹ̀yin àlùfáà tí ó bẹ̀ wá wò. Òun ni àwọn ènìyàn ń pè ní Holy Johnson, èyíinì ni Johnson Ẹni Mímọ́.

Ilẹ̀ Sàró ni a gbé bí i ní nǹkan bí ọdún 1836. Ìjẹ̀ṣà ni baba rẹ̀, Ìjẹ̀bú sì ni ìyá rẹ̀. Wọ́n wà nínú àwọn tí a gbà lọ́wọ́ àwọn olówò ẹrú. Ó kàwé ní Fourah Bay, a sì fi í jẹ díákónì ní 1863. Ní 1874 ni Ẹgbẹ́ C.M.S. rán an wá sí Èkó, tí a sì fi Ìjọ St. Paul, Breadfruit, sí ìtọ́jú rẹ̀.

Láìpẹ́ a fi í ṣe alábòójútó àwọn Ìjọ òkè, ó sì lọ jókòó ní Abẹ́òkúta. Níbẹ̀ ni ó ti bá àwọn onígbàgbọ́, àní àwọn òṣìṣẹ́ Ìjọ pàápàá, tí wọ́n ní ẹrú. Ó sì fi dandan lé e pé kí àwọn òṣìṣẹ́ Ìjọ dá ẹrú wọn sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ yìí dá ìrúkèrúdò sílẹ̀, ẹjọ́ rẹ̀ sì pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí a fi mú un kúrò ní 1880, tí a sì dá a padà sí Breadfruit.

Kò tìtorí èyí dákẹ́. Ó bá àwọn òbí wí tí ń fi orúkọ Òyìnbó sọ ọmọ wọn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ Òyìnbó ni òun fúnra rẹ̀ ń jẹ́. Láti 1886 títí di 1894 ni ó fi jókòó nínú Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Èkó. Ó sì tako òwò ọtí líle, ó tako ogun tí Ìjọba gbé lọ bá Ìjẹ̀bú ní 1892. Nígbà tí a ń fi ọwọ́ líle mú Bíṣọ́ọ̀bù Crowther àti àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ ní Naija ní 1890, ó gbé ohùn rẹ̀ sókè fún wọn. Síbẹ̀ kò gba ìkóbìnrinjọ láàyè, bí ó ti wù kí àwọn ará ilé rẹ̀ bínú tó.

Ní 1900 a yà á sí mímọ́ ní igbákejì Bíṣọ́ọ̀bù. Ìdánwò ńlá dé ní ọdún kejì. Nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù Tugwell gba Breadfruit lọ́wọ́ rẹ̀, tí a sì kó ẹrù rẹ̀ kúrò nínú ilé àlùfáà, púpọ̀ nínú ọmọ Ìjọ fi ìbínú jáde, wọ́n sì dá Ìjọ Bethel sílẹ̀. Nítorí rẹ̀ ni wọ́n ṣe jáde. Ṣùgbọ́n òun kò bá wọn lọ. Ó dúró nínú Ìjọ tí ó ti ṣẹ̀ ẹ́, ó sì ń sìn ní àwọn ìlú etí odò Naija. Níbẹ̀ náà ni ó ti kọjú ìjà sí Garrick Braide, wòlíì tí ogunlọ́gọ̀ ń tẹ̀lé, ọ̀pọ̀lọpọ̀ sì yà kúrò nínú Ìjọ. Ó kú ní 1917.

A kò sọ pé gbogbo ìṣe rẹ̀ ni ó tọ́. Ọwọ́ rẹ̀ le, ó sì já ọ̀pọ̀ ènìyàn ní àyà. Ṣùgbọ́n òṣùwọ̀n kan náà ni ó fi wọn Òyìnbó àti ènìyàn dúdú, kò sì fi ibi tí ó ti ń báni wí sílẹ̀. Kí Olúwa má ṣe jẹ́ kí irú wọn tán láàárín wa, kí Ó sì fún wa ní ọkàn tí ó lè gba ìbáwí wọn. Àmín.