Asiru Ọlátúndé (1918–1993): Alágbẹ̀dẹ Tó Fi Òòlù Sọ Ìtàn Ará Oko

Ìfáárà

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ nípa ọ̀nà tí àwọn Yorùbá ń gbà pa ìtàn mọ́, ẹnu ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kọ́kọ́ ń rántí: àlọ́, oríkì, ẹsẹ Ifá àti orin. Ṣùgbọ́n ọwọ́ náà a máa sọ ìtàn. Agbẹ́gilére ń fi igi sọ ọ́, aláró ń fi aṣọ sọ ọ́, Asiru Ọlátúndé ti ìlú Òṣogbo sì fi bàbà àti àlùmíníọ̀mù sọ tirẹ̀. Ohun tó mú ìgbésí ayé rẹ̀ yẹ ní gbígbé yẹ̀wò ni pé àìsàn tó gba iṣẹ́ ìdílé lọ́wọ́ rẹ̀ náà ló ṣí ọ̀nà òkìkí sílẹ̀ fún un.

Ìbí àti Iṣẹ́ Ìdílé

Ọdún 1918 ni a bí Asiru ní Òṣogbo, sínú ìdílé alágbẹ̀dẹ. Láyé ìgbà náà, ilé àgbẹ̀dẹ kì í ṣe ibi iṣẹ́ lásán. Ibẹ̀ ni àgbẹ̀ ti ń ra ọkọ́ àti àdá, ibẹ̀ ni ọdẹ ń gbé irinṣẹ́ rẹ̀ tó bàjẹ́ lọ, ibẹ̀ náà sì ni ojúbọ Ògún máa ń wà. Ẹni tó bá jókòó ti ẹwìrì yóò gbọ́ ìròyìn oko, ti ọjà àti ti igbó láti ẹnu àwọn oníbàárà. Irú àyíká bẹ́ẹ̀ ni Asiru ti kọ́ iṣẹ́.

Àìsàn àti Ìyípadà

Iṣẹ́ agbára ni iṣẹ́ àgbẹ̀dẹ. Ooru iná kò ṣeé sá fún, owú wíwúwo kò sì ṣeé fi ọ̀lẹ gbé. Nígbà tí àrùn ọkàn kọlu Asiru, ó di dandan kí ó fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Fún ẹni tí a bí sí ìdí iṣẹ́, ọ̀rọ̀ náà ju àìrówó lọ. Ó kan ipò rẹ̀ láàrin ẹbí àti ìlú.

Àmọ́ ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Asiru bẹ̀rẹ̀ sí í fi bàbà ṣe yẹtí àti àwòrán ẹranko kéékèèké, iṣẹ́ tí kò gba agbára púpọ̀. Ulli Beier àti Susanne Wenger, tí ọ̀pọ̀ mọ̀ sí Àdùnní Olórìṣà, rí ọgbọ́n inú iṣẹ́ yìí, wọ́n sì gbà á níyànjú pé kí ó ṣe èyí tó tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ọdún 1962, Dúró Ládiípọ̀ dá Mbari Mbayo sílẹ̀ ní Òṣogbo. Ibẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ bíi Twins Seven-Seven, Múráínà Oyèlámì àti Jimoh Buraimoh ti kọ́ iṣẹ́ ọnà ní ọdún 1964. Ní tirẹ̀, Asiru ti lé ní ogójì ọdún nígbà náà. Òòlù kì í ṣe àjèjì sí ọwọ́ rẹ̀. Ohun tí yóò fi òòlù náà sọ ni ó yí padà.

Ọgbọ́n Iṣẹ́ Rẹ̀

Láti orí bàbà, Asiru bọ́ sí orí àlùmíníọ̀mù pẹlẹbẹ. Èyí rọ̀ ju irin lọ, kò sì nílò iná ẹwìrì kí a tó lè lù ú. Yóò fi òòlù kékeré àti irin ẹlẹ́nu ṣóńṣó lù ú títí àwòrán yóò fi yọ sókè. Kì í fi àyè ṣòfò: ibi tí ènìyàn tàbí ẹranko kò bá sí, igi, ewé àti àmì tótòtó yóò kún ibẹ̀.

Ìgbé ayé àwùjọ ló wà nínú iṣẹ́ wọ̀nyí: ọdẹ pẹ̀lú ẹran ìgbẹ́, àgbẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́, onílù pẹ̀lú àwọn tó ń jó, ọba lórí ẹṣin pẹ̀lú àwọn ẹmẹ̀wà rẹ̀. Ó ṣe ìtàn òrìṣà, ó sì ṣe ìtàn inú Bíbélì, bíi ti Ádámù àti Éfà. Lábẹ́ òòlù rẹ̀, àwọn ará ìgbàanì pàápàá di ará àdúgbò, nítorí pé láàrin igi àti ẹranko kan náà ni ó kó gbogbo wọn sí.

Ìkádìí

Asiru papò dà ní ọdún 1993, nígbà tí iṣẹ́ rẹ̀ ti dé ilé Òyìnbó. Kò kúrò nílé kí ó tó rí ohun tí yóò sọ. Ohun tó gbọ́ tó sì rí láàrin àwọn ènìyàn rẹ̀ tó fún un.

Ẹ̀kọ́ ńlá ni èyí fún olùkọ́ èdè àti àṣà. Akẹ́kọ̀ọ́ tí a bí sí etí omi ní Ọ̀tọ̀-Àwórì ti mọ ọkọ̀ ojú omi, àwọ̀n àti igi àgbọn kí ó tó wọ kíláàsì. Bí olùkọ́ bá bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀, yálà nínú àròkọ tàbí nínú àwòrán, ọmọ náà kò ní wá ìtàn lọ sí ọ̀nà jíjìn. Asiru pàdánù owú, kò pàdánù ohun tí àgbẹ̀dẹ ti kọ́ ọ.