Ìtàn Ìgbésí Ayé D. O. Fágúnwà

Ọdún 1903 ni a bí Daniel Ọlọ́runfẹ́mi Fágúnwà ní Òkè-Igbó, ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó òde òní. Oròwọlé ni orúkọ tí wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́. Àwọn òbí rẹ̀ di onígbàgbọ́, ó sì kàwé títí dé St. Andrew's College ní Ọ̀yọ́, níbi tí ó ti kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ láti 1926 sí 1929. Lẹ́yìn èyí ni ó ń kọ́ àwọn ọmọdé ní Ọ̀yọ́ kan náà.

Ẹni tí ó ń pa àlọ́ lálẹ́ kì í dá sọ̀rọ̀. Àwọn ọmọdé a máa dá a lóhùn, wọn a sì máa gbe orin rẹ̀. Ìwé kò ní ẹlẹ́gbè. Bí ìtàn bá kúrò lẹ́nu bọ́ sínú ìwé, ó lè kú síbẹ̀.

Fágúnwà wá ọgbọ́n sí i. Nínú Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀, tí ó jáde ní 1938, ọdẹ àgbà kan, Àkàrà-Oògùn, ni ó wá bá akọ̀wé pé kí ó mú ohun ìkọ̀wé, kí ó kọ ìtàn òun sílẹ̀. Kò pẹ́ tí àwọn ènìyàn fi gbọ́, tí wọ́n ń wọ́ wá láti fetí sí i, tí èrò sì ń pọ̀ sí i. Báyìí ni ó ṣe kó apàlọ́ àti agbo rẹ̀ wọ inú ìwé. Àní kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀ rárá ni ó ti pe ara rẹ̀ ní onílù, tí ó pe òǹkàwé ní oníjó.

Òun kọ́ ni ó kọ́kọ́ kọ ìtàn àròsọ gígùn ní Yorùbá o, ìwé I. B. Thomas nípa Sẹ̀gilọlá ti jáde ní 1930. Ṣùgbọ́n ìgbé-ayé Èkó ni Thomas kọ. Igbó, iwin àti ọdẹ ni ti Fágúnwà.

Ó tún kọ Igbó Olódùmarè àti Ìrèké Oníbùdó ní 1949, Ìrìnkèrindò Nínú Igbó Elégbèje ní 1954, àti Àdììtú Olódùmarè ní 1961. Àwọn kan ń ṣàròyé pé ìwàásù rẹ̀ pọ̀ jù. Òótọ́ ni pé ìmọ̀ràn a máa dá ìtàn rẹ̀ dúró nígbà mìíràn, ṣùgbọ́n ta ni ó ń pa àlọ́ ìjàpá tí kì í fi ẹ̀kọ́ kún un?

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1963, odò gbé e lọ ní Wúyà, nítòsí Bídà. Ẹni nǹkan bí 60 ọdún ni. Wọlé Ṣóyínká túmọ̀ Ògbójú Ọdẹ sí èdè Gẹ̀ẹ́sì ní 1968. Wálé Ògúnyẹmí náà sọ ọ́ di eré orí ìtàgé, Láńgbòdó, tí Nàìjíríà gbé kalẹ̀ ní FESTAC ní 1977. Ẹni tí kò ka ìwé náà rí lè jókòó níbẹ̀, kí ó gbọ́ ìtàn ọdẹ náà láti ẹnu ènìyàn.