Moses Gunn: Ojú Tí A Mọ̀, Orúkọ Tí A Kò Mọ̀

Àwọn tí orúkọ wọn ti gba gbogbo ayé kan ni a sábà máa ń sọ ìtàn wọn ní ojú ewé yìí. Ti ọ̀tẹ̀ yìí yàtọ̀ díẹ̀. Bí a bá dárúkọ Moses Gunn lásán, ọ̀pọ̀ nínú yín lè mi orí pé ẹ kò mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n bí a bá ní àgbàlagbà tó kó Kunta Kinte àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ sínú igbó nínú Roots, tó kọ́ wọn bí ọmọdé ṣe ń di ọkùnrin, ẹ ó ní ẹ mọ̀ ọ́n. Òun náà nìyẹn.

Nínú iṣẹ́ eré ṣíṣe, àwọn kan wà tí ìtàn dá lé lórí. Àwọn mìíràn wà tí ń ṣe àgbà àdúgbò, onídàájọ́, ọlọ́jà, bàbá ìyàwó. Àwọn wọ̀nyí kì í sí lára pátákó ìpolówó, bẹ́ẹ̀ bí a bá yọ wọ́n kúrò, eré náà di ọbẹ̀ tí kò níyọ̀. Irú òṣèré bẹ́ẹ̀ ni Gunn jẹ́ nínú fíìmù àti tẹlifíṣọ̀n fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lórí ìtàgé ẹ̀wẹ̀, ọ̀gá ni, àwọn tó mọ iṣẹ́ náà kò sì jiyàn rẹ̀.

Ìlú St. Louis ní ìpínlẹ̀ Missouri ni wọ́n ti bí i ní ọjọ́ kejì oṣù kẹwàá ọdún 1929. Lébìrà ni bàbá rẹ̀, àwọn ọmọ méje ni wọ́n sì wà nínú ilé. Ìyá wọn kú, ilé náà tú ká. Ọmọ ọdún 12 ni Moses nígbà tó fi ilé sílẹ̀, tó ń gun ọkọ̀ ojú irin kiri. Ẹ̀yin tí ẹ ní ọmọ ọdún 12 nílé, ẹ wo tiyín lójú kí ẹ fi ro ó wò. Nígbà tó padà sí St. Louis, ọ̀kan nínú àwọn olùkọ́ rẹ̀, ẹni tó ń kọ́ wọn ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, gbà á sílé, ibẹ̀ ni ó gbé tí ó ń lọ sí ilé ẹ̀kọ́. Kì í ṣe ọmọ rẹ̀, kì í ṣe ẹbí rẹ̀. Ohùn tí àwọn ènìyàn wá gbọ́ lẹ́nu Gunn lẹ́yìn náà, ohùn tó kún, tó mọ́, tí kì í kánjú, ó dá wa lójú pé ilé náà ní ọwọ́ nínú rẹ̀.

Owó ìrànlọ́wọ́ ẹ̀kọ́ ni ó fi wọ Tennessee State University, ó sì kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jọ, wọ́n dá ẹgbẹ́ eléré kan sílẹ̀ tó ń lọ láti ìlú dé ìlú. Lẹ́yìn èyí ó ṣe iṣẹ́ ológun láti 1954 sí 1957, ó tún lọ kàwé sí i ní University of Kansas, ibẹ̀ ni ó ti kọ́kọ́ ṣe Othello. Ó ṣe olùkọ́ ní Grambling College ní Louisiana. Iṣẹ́ olùkọ́ ní yunifásítì, fún ọkùnrin aláwọ̀ dúdú ní Gúúsù Amẹ́ríkà ní ayé ìgbà náà, kì í ṣe ohun kékeré. Ó fi í sílẹ̀, ó gba New York lọ láti wá iṣẹ́ eré.

Ní 1962 ó wọ inú eré The Blacks, tí Jean Genet ará Faransé kọ, ní gbọ̀ngàn St. Mark's Playhouse. Ibi eré yẹn ni James Earl Jones, Cicely Tyson àti Maya Angelou náà ti gbà kọjá. Ní 1967, ó ṣe Aaron nínú Titus Andronicus ti Shakespeare ní ọgbà Central Park, níbi tí àwọn ènìyàn ti ń wo eré lọ́fẹ̀ẹ́.

Ọdún 1967 kan náà ni Douglas Turner Ward, Robert Hooks àti Gerald Krone dá Negro Ensemble Company sílẹ̀ pẹ̀lú owó láti ọ̀dọ̀ Ford Foundation. Ẹgbẹ́ tí àwọn aláwọ̀ dúdú fúnra wọn ń darí ni, ní St. Mark's Playhouse yẹn náà ni wọ́n sì fìdí sọlẹ̀ sí. Gunn wà lára àwọn tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Níbí ni ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti kàn wá gan-an. Ní ìgbà ìrúwé 1968, nínú sáà àkọ́kọ́ wọn, eré Kongi's Harvest tí Wọlé Ṣóyínká kọ wà lára èyí tí wọ́n gbé sórí ìtàgé, Gunn sì wà nínú rẹ̀. Eré náà dá lórí ọba ìlú kan àti aláṣẹ tuntun tó fẹ́ kí ọba fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé iṣu tuntun lé òun lọ́wọ́. Ẹ̀yin náà mọ ohun tí ọba ń fún ènìyàn bí ó bá fún un ní iṣu tuntun. Kì í ṣe iṣu.

Ní àkókò tí àwọn ará Amẹ́ríkà wọ̀nyí ń ṣe eré náà ní New York, inú ẹ̀wọ̀n ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Ṣóyínká wà ní Nàìjíríà. Oṣù kẹjọ 1967 ni ìjọba Gowon ti mú wọn, wọn kò sì jáde títí di oṣù kẹwàá 1969. Ẹni tó kọ eré nípa aláṣẹ tí kò fẹ́ gbọ́ ohùn ẹlòmíràn wà ní àhámọ́, àwọn tí baba ńlá wọn ti kúrò nílé láti ọdún gbọọrọ sì ń bá wọn sọ ọ̀rọ̀ wọn ní òkè òkun. Ó yẹ kí àwọn ọmọ wa tí a bí síbí mọ èyí.

Gunn gba àmì ẹ̀yẹ Obie fún iṣẹ́ rẹ̀ nínú ẹgbẹ́ náà ní 1968, ó sì tún gba òmíràn ní 1975 fún The First Breeze of Summer. Ní 1970 ó ṣe Othello ní Stratford ti Connecticut, wọ́n sì gbé eré náà dé Broadway. Ní 1976 orúkọ rẹ̀ wà lára àwọn mẹ́rin tí wọ́n yàn fún àmì ẹ̀yẹ Tony ti òṣèrékùnrin tó peregedé jù, fún The Poison Tree, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹlòmíràn ni ó gbà á.

Ẹni tó lè ṣe Othello báyìí, kí ni fíìmù fún un ṣe? Nínú Shaft, ní 1971, òun ni Bumpy Jonas, ọ̀gá àwọn ọ̀daràn Harlem. Ẹlòmíràn ì bá fi ariwo àti ìbọn ṣe é. Gunn mú kí a rí bàbá tí wọ́n jí ọmọbìnrin rẹ̀ gbé, tí agbára rẹ̀ kò sì ràn án lọ́wọ́ mọ́. Nínú Ragtime, ní 1981, ó ṣe Booker T. Washington. Ipa náà kò gùn, ṣùgbọ́n ẹni tó bá wò ó kò ní gbàgbé bí ó ṣe dúró.

Roots jáde ní oṣù kìíní 1977, alẹ́ mẹ́jọ léraléra. Kintango ni orúkọ Gunn nínú rẹ̀. Àwọn Mandinka ni ìtàn náà ń sọ, kì í ṣe Yorùbá, Savannah ní Georgia ni wọ́n sì ti ya apá ti Gáńbíà. Síbẹ̀ a mọ àgbà nígbà tí a bá rí i. Kò pariwo mọ́ àwọn ọmọ náà, wọ́n sì ń gbọ́ràn. Ní ọ̀pọ̀ ilé ní Amẹ́ríkà, bóyá ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí àwọn ènìyàn rí àgbà ọmọ Áfíríkà nínú tẹlifíṣọ̀n tó ń kọ́ni ní ẹ̀kọ́, tí kì í ṣe ẹni tí a fi ń ṣe ẹ̀rín. Wọ́n yan orúkọ rẹ̀ fún àmì ẹ̀yẹ Emmy.

Ọdún yẹn náà ló ṣe Carl Dixon nínú Good Times, ọkùnrin tí kò gba Ọlọ́run gbọ́ tó sì fẹ́ opó onígbàgbọ́, Florida. Lójú tiwa, àwọn tó kọ eré náà kò ṣe dáadáa sí i. Wọ́n fún un ní jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró, wọ́n gbé e kúrò, nígbà tí Florida sì padà dé, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dà bí ẹni pé kò sí irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ rí. Little House on the Prairie ṣe é ju bẹ́ẹ̀ lọ: Joe Kagan, akànṣẹ́ tó ti ń dàgbà, tó wá fi abúlé àwọn òyìnbó ṣe ilé.

Ó kú ní ọjọ́ kẹrìndínlógún oṣù kejìlá ọdún 1993, ní Guilford, Connecticut, ẹni ọdún 64. Ikọ́ fée, tí àwọn dókítà ń pè ní ásímà, ni ó fa wàhálà tó pa á. Àwa tí a jẹ́ nọ́ọ̀sì kò lè gba ibẹ̀ kọjá ní ìdákẹ́. Ọ̀pọ̀ nínú wa ń rò pé àìsàn ọmọdé ni. Ó ń pa àgbà. Ẹ̀yin tí wọ́n fún ní oògùn fífà sínú ti ojoojúmọ́, ẹ máa fà á lójoojúmọ́, kódà ní ọjọ́ tí èémí yín bá já gaara.

Ní oṣù kẹta ọdún tó kú yẹn ni wọ́n ti fi ọ̀kan nínú iṣẹ́ rẹ̀ tó kẹ́yìn hàn, nínú Homicide: Life on the Street. Three Men and Adena ni orúkọ apá náà. Bàbá kan tó ń fi kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin ta èso ní Baltimore ni Gunn, wọ́n fura sí i pé ó pa ọmọbìnrin kékeré kan. Yàrá kan ṣoṣo ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gba gbogbo eré náà: ọlọ́pàá méjì, tábìlì, àti òun. Wọ́n lọgun mọ́ ọn, wọ́n tàn án, wọ́n bẹ̀ ẹ́. Ó jókòó. Nígbà tó yá ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ohun tó rí nínú àwọn ọlọ́pàá náà fún wọn, ẹni tí wọ́n ń dá lẹ́jọ́ wá di ẹni tó ń dájọ́. Ó jẹ́wọ́ pé òun fẹ́ràn ọmọ náà ju bó ṣe yẹ lọ, ṣùgbọ́n kò jẹ́wọ́ pé òun pa á. Wọ́n ní láti tú u sílẹ̀. Wọ́n fún ẹni tó kọ apá náà, Tom Fontana, ní àmì ẹ̀yẹ Emmy. A ti wò ó ju ìgbà mẹ́ta lọ, a kò tíì lè sọ bóyá bàbá náà ni ó ṣe é.