Dúró Ládìpọ̀: Ọkùnrin Tó Gbé Ìlù Wọ Ṣọ́ọ̀ṣì

Òkìkí Dúró Ládìpọ̀ kàn dé Jámánì, Ìlú Ọba àti Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n inú ṣọ́ọ̀ṣì ni awuyewuye tó gbé e dé orí ìtàgé ti bẹ̀rẹ̀. Ìlù ló dá a sílẹ̀. Fún àwa tí à ń kọ́ nípa èdè, ọ̀rọ̀ ìlù yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ orin nìkan, ọ̀rọ̀ ohùn ni.

Òṣogbo ni wọ́n ti bí i. Dúródọlá ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún, ẹni tó bá sì gbọ́ Yorùbá mọ̀ pé orúkọ àbíkú ni: wọ́n ń bẹ ọmọ náà kó dúró. Ó dúró lóòótọ́. Bàbá rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ Ọlọ́run nínú ìjọ Áńgílíkà, òun náà sì di olùkọ́.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, ó ṣe àkójọ orin Àjíǹde fún ṣọ́ọ̀ṣì All Saints ní Òṣogbo, ó sì fi ìlù Yorùbá sí i. Ọ̀rọ̀ di wàhálà. Lójú àwọn tó takò ó, ìlù abọ̀rìṣà kò gbọdọ̀ dún nílé Ọlọ́run.

Ẹ jẹ́ ká wo ohun tí wọ́n ń dáàbò bò. Orin òyìnbó ni wọ́n ń kọ, wọ́n kàn fi ọ̀rọ̀ Yorùbá sínú rẹ̀ ni. Bí ohùn orin bá ń lọ sókè níbi tí ohùn ọ̀rọ̀ ti ń lọ sílẹ̀, igbá lè di ìgbà, ọkọ̀ lè di ọkọ́. Ìlù kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Ohùn ọ̀rọ̀ gan-an ni dùndún ń tẹ̀ lé, ìdí nìyẹn tó fi ń sọ̀rọ̀. Ẹni tó bá lé ìlù jáde ti lé ohùn jáde.

Ládìpọ̀ kó orin rẹ̀, ó bá tirẹ̀ lọ. Ó gbé e lọ sí ẹgbẹ́ Mbari ní Ìbàdàn, níbi tí àwọn òǹkọ̀wé àti ayàwòrán ń péjọ sí. Ní ọdún 1962, òun àti Ulli Beier, ọmọ Jámánì tó ń gbé Òṣogbo, dá irú rẹ̀ sílẹ̀ níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ Ìgbò ni Mbari, ṣùgbọ́n etí Yorùbá ni àwọn ará Òṣogbo fi gbọ́ ọ. Wọ́n sọ ọ́ di Ḿbárí Ḿbáyọ̀: ǹ bá rí i, ǹ bá yọ̀. Ibẹ̀ náà ni Twins Seven-Seven àti Jimoh Buraimoh ti di ayàwòrán. Buraimoh ló ń bójú tó iná ìtàgé fún Ládìpọ̀.

Ní ọdún 1963 ni Ọba Kò So jáde. Ṣàǹgó, Aláàfin Ọ̀yọ́, fẹ́ fi ọgbọ́n mú Tìmì àti Gbọ̀nkáà, balógun rẹ̀ méjèèjì, kúrò lọ́nà. Ó rán Tìmì lọ sí Ẹdẹ, ó sì tún rán Gbọ̀nkáà pé kó lọ mú un wá. Gbọ̀nkáà borí, ó padà wá dojú kọ ọba fúnra rẹ̀. Ládìpọ̀ fúnra rẹ̀ ló ń ṣe Ṣàǹgó, iná a máa yọ lẹ́nu rẹ̀. Abíọ́dún ìyàwó rẹ̀ ló ń ṣe Ọya. Oríkì, ọfọ̀ àti ìlù bàtá ló gbé eré náà ró. Bí ẹ bá yọ wọ́n kúrò, kò sí eré mọ́. Ọmọ oníṣẹ́ Ọlọ́run tí wọ́n ní kó má gbé ìlù wọ ṣọ́ọ̀ṣì ti wá di Ṣàǹgó lójú gbogbo ayé.

Wọ́n ṣe eré náà ní Berlin ní ọdún 1964, wọ́n ṣe é ní Ìlú Ọba ní ọdún 1965, wọ́n sì gbé e dé Amẹ́ríkà ní ọdún 1975. Àwọn tó ń wò ó kò gbọ́ Yorùbá, síbẹ̀ Ládìpọ̀ kò sọ ọ́ di èdè Gẹ̀ẹ́sì nítorí wọn.

Ọba Wàjà tẹ̀ lé e, lórí ikú Aláàfin àti ìjòyè tó yẹ kó bá a kú tí ìjọba òyìnbó dá dúró. Ìtàn yìí kan náà ni Wọlé Ṣóyínká fi kọ Death and the King's Horseman tó jáde ní ọdún 1975. Ní ọdún 1966, ó kan Ifẹ̀: ó gbé Mọremí jáde. Àwa tí à ń gbé Òkèrèwè, tí ọdún Edì ń bá nílé, tí a sì mọ Mọremí mọ́ ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́bìnrin nínú ọgbà, a jẹ ẹ́ ní gbèsè ìwòran.

Ó kú ní ọjọ́ 11, oṣù kẹta, ọdún 1978. Àwọn onímọ̀ èdè ní Yunifásítì Ìbàdàn, Robert Armstrong wà lára wọn, ti kọ Ọba Kò So sílẹ̀ ṣáájú ìgbà náà, pẹ̀lú ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ̀yin tí ẹ ṣì ń wá àkòrí fún iṣẹ́ àṣekágbá yín, iṣẹ́ pọ̀ níbẹ̀: kí ni ìlù ń sọ tí ẹnu eléré kò sọ? Ẹ má dúró dìgbà tí àwọn tó gbọ́ èdè bàtá yóò tán láyé.