Àlùfáà George Herbert

Li ọdún 1593 ni a bí George Herbert ní Montgomery, ní ilẹ̀ Wales. Li ọdún 1620 ó di agbẹnusọ Yunifásítì Cambridge, ipò tí ó lè gbé e dé ààfin ọba. Ṣùgbọ́n li ọdún 1630 ó gba oyè àlùfáà ní ìjọ kékeré Bemerton, lẹ́bàá Salisbury. Ewì tí ó ń kọ sí Ọlọ́run ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, kò tẹ̀ wọ́n jáde. Nígbà tí àìsàn ikú dá a dùbúlẹ̀ li ọdún 1633, ó fi wọ́n ránṣẹ́ sí ọ̀rẹ́ rẹ̀, Nicholas Ferrar, pé bí wọ́n bá lè tu ẹnikẹ́ni nínú, kí ó tẹ̀ wọ́n. Bí kò bá rí bẹ́ẹ̀, kí ó sun wọ́n. Ferrar, a dúpẹ́, kò dáná. Li ọdún náà gan-an ni a tẹ̀ wọ́n ní Cambridge, ìjọ Áńgílíkà sì ń fi díẹ̀ nínú wọn kọrin títí di òní.